Bọ́tìnnì Tí A Kò Kà

                                        Ṣọ́ọ̀bù Télọ̀,
                                        Ojúlé kejìlá,
                                        Ẹ̀yìn ilé-ìfìwéránṣẹ́.
                                        Ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù kẹfà.

Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ọ̀rẹ́ mi tó di ọmọ ìyá,

Ṣé àlàáfíà ni o wà? Baálé rẹ ńkọ́, ṣé iṣẹ́ ń lọ déédéé? Ọmọ wa ńkọ́, ṣé eyín ti ń yọ lẹ́nu rẹ̀, àbí erìgì lásán ló ṣì fi ń rẹ́rìn-ín sí gbogbo ayé? Ẹ̀yìn tó ń dùn ọ́ nígbà tí mo wá bá ọ tọ́jú ọmọ, ṣé ó ti fi ọ́ lọ́rùn sílẹ̀? Mo mọ̀ pé o ò sinmi. Ẹni tí Màámi bá kọ́ níṣẹ́ kì í mọ bí wọ́n ṣe ń sinmi, kò kọ́ wa níyẹn. Ara tèmi le, a dúpẹ́, àfi àtàǹpàkò mi tí abẹ́rẹ́ gún lánàá. Ìyẹn náà kì í ṣe ìròyìn. Bí ọ̀sẹ̀ kan bá kọjá tí abẹ́rẹ́ kò gún mi, a jẹ́ pé mi ò ṣiṣẹ́ ni.

Mo mọ ohun tí o ń wá nínú lẹ́tà yìí. O fẹ́ mọ ọjọ́ tí wàá rán onímọ́tò wá gbé máṣíìnì Màámi. Jọ̀ọ́, fara balẹ̀. Àbí o ò rí i bí ayé ṣe yí padà, èmi Wàràwàrà ni mo ń sọ fún Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ pé kó fara balẹ̀! Màámi tó sọ wá lórúkọ méjèèjì yìí nígbà tí a jọ ń kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀, èmi ọmọ inú rẹ̀, ìwọ ọmọ ìkọ́ṣẹ́, kò ronú kan irú ọjọ́ báyìí. Ohun kan ṣẹlẹ̀ nínú ilé yìí tí orí mi ṣì ń wú bí mo ṣe ń kọ ọ́. Bí mo bá sì mú un láti ìparí, o ò ní gbà mí gbọ́, wàá ní mo tún ti bẹ̀rẹ̀.

Láti ìgbà tí dókítà ojú ti sọ fún Màámi pé ìwọ̀nba ìmọ́lẹ̀ tó kù lójú rẹ̀ ti lọ, pé kò sì ní padà mọ́, ló ti kọjú sí ògiri. Màámi o! Obìnrin tí ohùn rẹ̀ máa ń kan ìta kó tó kàn wá létí. Mo gbé oúnjẹ wá, á ní kí n gbé e síbẹ̀. Mo kí i, á ní hùn. Alágbàfọ̀ tó wà lójúlé kejì wá bá a kẹ́dùn, inú rere ló fi wá, ó jókòó, ó tún gèlè rẹ̀ ṣe, ó ní, "Màámi, ẹ má bọkàn jẹ́, bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran." Yéè! Mo fẹ́ kí ilẹ̀ lanu kó gbé èmi àti òun mì pọ̀. Òun náà gbọ́ ohun tó tẹnu rẹ̀ jáde, ló bá dìde, ó ní òun gbé áyọ́ọ̀nù kaná. Màámi ní hùn.

Ọ̀rọ̀ gígùn kan ṣoṣo tó sọ ní gbogbo àsìkò yẹn ni pé kí n kọ̀wé sí ọ kí o wá gbé máṣíìnì òun. Ó ní irin tí kò bá ṣiṣẹ́ á dípẹtà, òun ò sì fẹ́ kó dípẹtà sítòsí òun. Ìyẹn ni mo fi kọ lẹ́tà ìjọsí. Mi ò sọ fún ọ nínú rẹ̀ pé mo sunkún nígbà tí mo ń fi aṣọ bo máṣíìnì náà. Kì í ṣe nítorí irin. Bí ó ṣe ń pín ẹrù rẹ̀ ló bà mí lẹ́rù, bí ẹni tó ń palẹ̀ mọ́. Mo ń sọ lọ́kàn mi pé ọjọ́ tí máṣíìnì yẹn bá gba ẹnu ọ̀nà jáde, Màámi náà á tẹ̀lé e, kò sì ní fi ẹsẹ̀ rìn.

Ó yá, jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ti ìwé tí mò ń kà. O rántí pé mo ti wọ kíláàsì àgbà, èyí tí wọ́n ń ṣe ní ìrọ̀lẹ́, nítorí pé ilé-ẹ̀kọ́ tí wọ́n ti ń kọ́ nípa gígé aṣọ kò gba ẹni tí kò bá yege nínú ìṣirò. Àròpọ̀ àti ìyọkúrò kò ní mi lára, ta ni télọ̀ tí kò mọ ìyẹn? Ìṣirò onítàn ló fẹ́ pa mí. Wọ́n á kọ ìtàn sílẹ̀ fún ọ, wọ́n á wá fi ohun méjì pamọ́ sínú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, wọ́n á ní kí o wá méjèèjì jáde. Mo dìde ní kíláàsì, mo ní, "Tísà, ẹ jọ̀ọ́, àwọn àgbà ní ẹni tó bá lé eku méjì á pòfo." Gbogbo kíláàsì rẹ́rìn-ín. Tísà náà rẹ́rìn-ín, ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan ni, ṣọ́ọ̀kì kì í kúrò ní apá aṣọ rẹ̀. Ó ní àwọn àgbà yẹn kò tíì gbọ́ ẹ̀tàn tí òun fẹ́ kọ́ wa ni. Ó ní kí a díbọ́n pé eku kan ṣoṣo ló wà, ìkejì á jáde fúnra rẹ̀.

Ní ọ̀sán ọjọ́ Àìkú kan, mo gbé ìwé mi lọ sí yàrá Màámi, nítorí ibẹ̀ ni tábìlì tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò mì wà. Fèrèsé ṣí sílẹ̀. Màámi kọjú sí ògiri bí ìṣe rẹ̀. O mọ̀ pé mi ò lè kàwé láìpariwo, bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń kà á sókè pé: ọkùnrin kan tó ń tún básíkù ṣe ní básíkù mẹ́wàá nínú ọgbà rẹ̀. Àwọn kan ní táyà méjì, àwọn yòókù jẹ́ ti ọmọdé, táyà mẹ́ta ni wọ́n ní. Gbogbo táyà tó wà nínú ọgbà náà jẹ́ mẹ́rìnlélógún. Mélòó ló ní táyà méjì, mélòó ló ní mẹ́ta? Mo gbé bírò, mo ń ba ara mi sọ̀rọ̀ bí Tísà ṣe kọ́ wa, mo ní, "Ó dáa, ká ní gbogbo wọn ló ní táyà méjì."

Ni ohùn kan bá ti ibi ògiri jáde pé, "Irọ́ ni."

Bírò jábọ́ lọ́wọ́ mi. Mo wo ẹ̀yìn Màámi. Ó tún ní, "Irọ́ ni, mo ní. Ìwé yín ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ pé àwọn oní-mẹ́ta wà níbẹ̀. Ìwọ wá ní kò sí. Ṣé ohun tí ẹ ń fi ìrọ̀lẹ́ lọ kọ́ nìyẹn?"

Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, mi ò mọ̀ bóyá kí n sáré lọ gbá a mọ́ra ni àbí kí n bẹ̀bẹ̀. O mọ Màámi àti irọ́! Ṣé o rántí ọjọ́ tí o sọ fún oníbàárà pé aṣọ rẹ̀ ti parí, tí a ò sì tíì rán apá rẹ̀ mọ́ ọn? Màámi ní kí o mú aṣọ náà jáde kí o fi hàn án bó ṣe rí. Mo ní, "Màámi, irọ́ ni lóòótọ́, àmọ́ ẹ jẹ́ kó parí." Mo wá ń sọ ọ́ díẹ̀díẹ̀ fún un. Bí gbogbo básíkù mẹ́wàá bá ní táyà méjì-méjì, ogún táyà nìyẹn. Àmọ́ mẹ́rìnlélógún ni wọ́n kà. Táyà mẹ́rin wà nílẹ̀ tí kò ní ilé. Níbo ni wọ́n ti wá? Kò sí ibòmíràn, àfi lára àwọn básíkù ọmọdé tí a fi irọ́ já ní táyà kọ̀ọ̀kan. Táyà mẹ́rin ni a já gbà, a jẹ́ pé básíkù ọmọdé mẹ́rin ló wà. Mẹ́fà tó kù, táyà méjì-méjì ni tiwọn.

Mo rò pé ó ti padà síbi tó wà. Ó wá ní kí n tún un sọ. Mo tún un sọ. Ó ní, "Mẹ́fà lọ́nà méjì jẹ́ méjìlá. Mẹ́rin lọ́nà mẹ́ta, méjìlá. Mẹ́rìnlélógún." Ó ní, "Irọ́ yẹn fúnra rẹ̀ ló lọ fa òótọ́ wá." Lẹ́yìn náà ló yí padà. Mo ní ó yí padà! Ó fi ògiri sílẹ̀, ó kọjú sí mi, irun rẹ̀ rí wúruwùru, ó ní, "Ẹni tó ṣe ìṣirò yìí, ṣé ó rí àwọn básíkù náà?"

Mo ní kò sẹ́ni tó rí wọn.

Ó ní, "Kò sẹ́ni tó rí wọn. Ẹ sì mọ iye wọn."

Jẹ́ kí n sọ òótọ́ fún ọ. Máàkì ni mò ń wá tẹ́lẹ̀, mi ò wo ohun tó wà nínú nǹkan náà rí. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo gbọ́ ọ lẹ́nu ẹni tí kò rí nǹkan kan mọ́, gbogbo irun ara mi dìde. Ohun méjì tí a kò rí, tí a kò fọwọ́ kàn, wọ́n ti jókòó sí àyè wọn kí á tó bèèrè wọn, kò sì sí iye mìíràn tí wọ́n lè jẹ́. Màámi ní kí n gbìyànjú rẹ̀ pẹ̀lú ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo. Bí wọ́n bá sọ fún wa pé básíkù mẹ́wàá ni, tí wọn kò sọ ti táyà ńkọ́? Mo ní ó lè jẹ́ ọ̀kan àti mẹ́sàn-án, ó lè jẹ́ márùn-ún-márùn-ún, ta ló mọ̀? Bí wọ́n bá sọ ti táyà nìkan ńkọ́? Ìyẹn náà kò lórí kò nídìí. Ó wá ní, "Ọ̀rọ̀ kan á fi ọ́ sílẹ̀ sínú igbó. Èkejì ló ń mú ọ jáde." Ó sọ ọ́ bí ẹni tó ń sọ ọ́ fún ara rẹ̀.

Ọjọ́ kejì ni wàhálà bẹ̀rẹ̀. Mo gbé oúnjẹ wá, mo ní, "Màámi, oúnjẹ rèé." Ó ní, "Ọ̀kan nìyẹn. Ìkejì ńkọ́?" Ó di dandan kí n fi kún un pé ó gbóná, tàbí pé ọwọ́ ọ̀tún ló wà. Alágbàfọ̀ yọjú, ó ní ẹ káàsán o. Màámi ní, "O wọlé, ọ̀kan nìyẹn. Kí ni o gbé lọ́wọ́?" Obìnrin náà wò mí, ó rọra bi mí lẹ́yìn ilẹ̀kùn bóyá orí Màámi ṣì pé. Mo ní orí rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń pé ni, kó lọ máa fọ aṣọ rẹ̀. Mo sì wá rí i pé gbogbo wa ti ń sọ ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan fún un látìgbà tí ojú rẹ̀ ti lọ, a wá ń ṣe háà pé kò mọ ibi tó wà.

Mo ka ìṣirò mìíràn fún un. Aṣọ méjì, tí a bá pa gígùn wọn pọ̀ ó jẹ́ ọgbọ̀n yáàdì, ọ̀kan sì fi yáàdì mẹ́fà gùn ju èkejì lọ. Èmi ti ń fa irun orí mi. Màámi ní kí n mú ríbọ́nnì wá. Ó fi ìka wọn ọ́n, ó ṣẹ́ etí rẹ̀ kan sẹ́yìn, ó ní èyí tó lé nìyí, ká kọ́kọ́ mú un kúrò, kí àwọn méjèèjì lè dọ́gba. Ó kù mẹ́rìnlélógún. Ó ká ìyókù sí méjì: méjìlá, méjìlá. Ó wá tú etí tó ṣẹ́ sílẹ̀: méjìdínlógún. Ó ní, "Apá aṣọ kan bá gùn ju èkejì lọ, kí la máa ń ṣe?" Mo ní, "A máa ń ṣẹ́ èyí tó lé, Màámi." Ó ní, "Kí lo wá ń fa irun fún?" Inú mi dùn débi pé mi ò lè bínú. Àmọ́ nígbà tí mo ní kí n ká aṣọ kúrò lórí máṣíìnì, ó ní kí n fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ó ní tìrẹ ni. Ó ní eré là ń ṣe, eré kì í mú ojú là.

Bí ọ̀rọ̀ ṣe rí nìyẹn tí nọ́ọ̀sì àgbà ilé-ìwòsàn àwọn ọmọdé fi ránṣẹ́ pé òun ń bọ̀ wá kó aṣọ tó kù lọ́dọ̀ wa. O rántí iṣẹ́ yẹn, ṣẹ́ẹ̀tì funfun àti síkẹ́ẹ̀tì. Ìdì tó gbẹ̀yìn wà lábẹ́ tábìlì láti ìgbà tí mo wà lọ́dọ̀ rẹ. Màámi nìkan ló rán bọ́tìnnì sí wọn, ní àkókò tí ojú rẹ̀ ti di kùrukùru, tó ń fi ọwọ́ ju ojú lọ ṣiṣẹ́, ó sì dì wọ́n fúnra rẹ̀. Mo fẹ́ tú ìdì náà kí n kà wọ́n. Màámi ní, "Má fọwọ́ kàn án!"

Ó dìde jókòó. Ó ní òun ò rántí iye ṣẹ́ẹ̀tì, òun ò rántí iye síkẹ́ẹ̀tì, nítorí bí ọwọ́ òun bá ṣe kàn wọ́n lòun ṣe ń rán wọn. Ṣùgbọ́n òun mọ ohun méjì. Gbogbo aṣọ náà jẹ́ ogún, òun kà wọ́n ní mẹ́wàá-mẹ́wàá nígbà tí òun ń dì wọ́n, láìya ṣẹ́ẹ̀tì sọ́tọ̀. Páálí bọ́tìnnì tuntun, ọlọ́gọ́rùn-ún, lòun já sí i, bọ́tìnnì tó gbẹ̀yìn lòun sì fi parí aṣọ tó gbẹ̀yìn. Ó ní, "Ohun méjì tí mi ò mọ̀, ọ̀rọ̀ méjì tí mo mọ̀. Ó yá, jẹ́ ká wò ó." Ó wá fi ọwọ́ lu ẹní, ó ní, "Gbọ́ o, Wàràwàrà. Bí ìṣirò yìí bá mọ ohun tí ọwọ́ mi ṣe nínú òkùnkùn, màá dìde níbí. Bí kò bá mọ̀ ọ́n, eré ọmọdé ni. Kí Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ wá gbé máṣíìnì rẹ̀, kí ẹ sì jẹ́ kí n sinmi."

Inú mi dùn, mo ní ó tán! Àṣé pańpẹ́ ni mo fẹ́ kó sí. Ṣẹ́ẹ̀tì ní bọ́tìnnì mẹ́fà, síkẹ́ẹ̀tì ní méjì, ta ni kò mọ̀? Màámi fúnra rẹ̀ ló ṣe é, mo kàn ń kọ ọ́ sílẹ̀. Ká ní síkẹ́ẹ̀tì ni gbogbo wọn: ogún lọ́nà méjì, ogójì bọ́tìnnì. Ọgọ́rùn-ún la lò, ó ku ọgọ́ta. Ṣẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan fi bọ́tìnnì mẹ́rin ju síkẹ́ẹ̀tì lọ. Pín ọgọ́ta sí mẹ́rin-mẹ́rin, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ṣẹ́ẹ̀tì mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, síkẹ́ẹ̀tì márùn-ún. Ó bọ́ sí i wẹ́kú, kò sí àbọ̀, kò sí ìdá. Màámi ní, "Tú u."

Mo ń mú wọn fún un lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń fi ọwọ́ wá kọ́là tàbí ìbàdí, ó ń tò wọ́n sí ọ̀tún àti sí òsì. Mo ti ń rẹ́rìn-ín sínú. Ìgbà tí ìdì tán, ó fi ọwọ́ ka àwọn ti ọ̀tún. Ṣẹ́ẹ̀tì méjìlá. Ó ka ti òsì. Síkẹ́ẹ̀tì mẹ́jọ.

Ojú mi ṣókùnkùn. Mo wo abẹ́ tábìlì, mo wo ẹ̀yìn ilẹ̀kùn, bóyá ṣẹ́ẹ̀tì mẹ́ta bọ́ síbì kan. Ó tiẹ̀ ṣe mí bíi kí n purọ́ pé ó kà á ṣì, àmọ́ ta ló tó bẹ́ẹ̀, ta ló fẹ́ sọ fún ọwọ́ Màámi pé ó ṣì? Mo bú Tísà, mo bú básíkù àti ẹni tó ń tún un ṣe. Màámi kò bú ẹnikẹ́ni. Ó ní, "Mo ti sọ pé irọ́ ni." Ohùn rẹ̀ rọ̀, ìyẹn ló dùn mí jù. Ó sùn padà, ó kọjú sí ògiri, ó sì ní kí n wá aṣọ di máṣíìnì náà dáadáa kí ọ̀nà má baà hàn án léèmọ̀. Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ láàárín ṣẹ́ẹ̀tì, mo bú sẹ́kún.

Ṣẹ́ẹ̀tì kan ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀ níbi tó sùn sí. Ìka rẹ̀ ń lọ létí aṣọ náà, bí o ṣe mọ̀ ọ́n tó máa ń ṣe, kì í lè di aṣọ mú kó má yẹ ìṣẹ́tí rẹ̀ wò. Ìka náà dúró. Ó padà sẹ́yìn díẹ̀, ó tún dúró.

Ó ní, "Wàràwàrà, bọ́tìnnì mélòó ló wà lára ṣẹ́ẹ̀tì?"

Mo ní, "Mẹ́fà ni, Màámi."

Ó ní, "Kà á."

Mo nu ojú mi, mo mú ọ̀kan, mo kà á láti ọrùn dé ìsàlẹ̀. Mẹ́fà ni mo kà.

Ó ní, "Ìwọ tí ojú rẹ ríran, mẹ́fà lo kà. Èmi tí mi ò ríran, méje ni mo kà."

Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, èènì! Èènì ni! Bọ́tìnnì tí a máa ń rán pamọ́ sínú ìṣẹ́tí gbogbo ṣẹ́ẹ̀tì, kí ẹni tó ni aṣọ lè rí òmíràn fi dípò bí ọ̀kan bá já. Ìwọ àti èmi ti ń rán an láti ìgbà tí a ti mọ abẹ́rẹ́ í dì mú, a kò sì kà á mọ́ bọ́tìnnì rí, nítorí èènì ni à ń pè é, ta ní í ka èènì mọ́ ọjà? Màámi tó dá àṣà náà sílẹ̀ pàápàá kò kà á. Síkẹ́ẹ̀tì kì í ní in. Ó ti dìde jókòó, ó ti ń ṣe é lẹ́nu, mo ń gbọ́. Síkẹ́ẹ̀tì ni gbogbo wọn, ogójì. Ó ku ọgọ́ta. Ṣẹ́ẹ̀tì kò fi mẹ́rin ju síkẹ́ẹ̀tì lọ, márùn-ún ló fi jù ú. Ọgọ́ta, tí a bá pín in sí márùn-ún-márùn-ún.

"Méjìlá," ló wí.

Mo fi ọwọ́ bo ẹnu. Ó na ọwọ́ sí òkìtì ọ̀tún, ó tún un kà, méjìlá ni. Ó na ọwọ́ sí ti òsì, mẹ́jọ. Ẹ̀rù bà mí, kí n má purọ́, ẹ̀rù tó dára, irú èyí tó máa ń ba èèyàn bó bá wo ojú ọ̀run lọ títí. Bọ́tìnnì tí ó fi pamọ́, tí kò sọ fún ẹnikẹ́ni, tí òun náà ti gbàgbé, nọ́ńbà ti mọ̀ pé ó wà níbẹ̀. Ó kọ̀ láti bá wa gbà títí a fi rí i. Màámi ní, "Kò purọ́ fún wa o. Àwa la purọ́ fún un." Ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín rẹ̀ àtijọ́ yẹn, èyí tó máa ń mú kí àwọn tó wà níta béèrè ohun tó ṣẹlẹ̀. Ó ń lu itan, ó ń ní, "Ó mọ èènì mi! Ó mọ èènì mi!" Omi ń jáde lójú rẹ̀, ó ń jáde lójú tèmi náà. Alágbàfọ̀ sáré dé pẹ̀lú ọwọ́ ọlọ́ṣẹ, ó wo aṣọ tó wà káàkiri ilẹ̀, ó wo àwa méjèèjì, ó yí padà lọ sídìí aṣọ rẹ̀.

Màámi ní kí n ká aṣọ kúrò lórí máṣíìnì. Ó na ọwọ́ sí èjìká mi, a jọ rìn jáde sí ṣọ́ọ̀bù, ó jókòó sórí àga rẹ̀, ó sì fi ọwọ́ pa máṣíìnì náà láti orí dé ẹsẹ̀. Ó ní ọ̀kan nìyẹn. Mo fi òwú sí abẹ́rẹ́ fún un. Ó fi ìka òsì ṣọ́ etí aṣọ, ó tẹ ẹsẹ̀ mọ́ ọn, ó rán ìṣẹ́tí kan lọ títí dé òpin. Ó wọ́ díẹ̀, kí n má tàn ọ́. Mo ní, "Màámi, ó dára gan-an." Ó fi ìka tọ̀ ọ́ lọ, ó dé ibi tó ti wọ́, ó ní, "Irọ́ ni. Tú u." Ìwọ mọ̀ pé inú mi kò dùn tó bẹ́ẹ̀ rí láti tú aṣọ.

Nítorí náà, ọ̀rẹ́ mi, má rán onímọ́tò mọ́. Mo mọ̀ pé o ti gbá ibi tí wàá gbé e sí, mo mọ̀ pé o ti sọ fún àwọn aládùúgbò pàápàá. Má bínú. Mo bi Màámi léèrè ohun tí kí n sọ fún ọ, nítorí ó ti ṣèlérí. Ó ní kò sí irọ́ níbẹ̀, kí o wá, ṣùgbọ́n ìwọ gan-an ni kó wá, pẹ̀lú ọmọ rẹ, nígbà tí ẹ̀yìn rẹ bá le. Iṣẹ́ nọ́ọ̀sì àgbà tún ti dé, ó pọ̀ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, a sì ń fẹ́ ọwọ́ sí i.

Bá mi kí baálé rẹ. Bá mi gbá ọmọ mọ́ra, kí o sì fún un ní ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ fi erìgì jẹ fún mi, èmi ni mo ní kó jẹ ẹ́. Alágbàfọ̀ ní kí n kí ọ, Tísà náà ní òun kí ọ bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò mọ̀ ọ́ rí. Èmi tí mo jẹ́ tìrẹ láti ìgbà tí a ti jọ ń pín abẹ́rẹ́ kan lò ni mo kọ ọ́,

                                        Wàràwàrà.

Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ lẹ ìwé yìí pa kí Màámi tó pè mí. Ó ní òun fẹ́ fi ìṣirò kan ránṣẹ́ sí ọ, kí n kọ ọ́ bí òun ṣe sọ ọ́ gan-an. Ó ní: bí o bá dé, àwa obìnrin mẹ́ta ni a ó jókòó sínú ṣọ́ọ̀bù. Ojú tó ń ríran láàárín wa jẹ́ mẹ́rin, ọwọ́ jẹ́ mẹ́fà. Télọ̀ mélòó ló wà níbẹ̀? Ó ní kí n má kọ ìdáhùn síbẹ̀. Ó ní bí o bá pe méjì, kí o kó ẹrù rẹ wá, wàá tún iṣẹ́ kọ́.